Láti Agbo Eégún Aláré dé Ojú Tẹlifíṣọ̀n: Ta Ni Ó Ń Sọ Ìtàn Ọ̀yọ́?

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ojú lọ̀rọ̀ wà. Bí ẹni méjì bá jọ ń sọ̀rọ̀, tí wọn kò rí ojú ara wọn, ọ̀rọ̀ náà kò tí ì pé. Ẹni tí ń sọ̀rọ̀ ní láti rí i bóyá ẹni tí ń gbọ́ ń rẹ́rìn-ín ni tàbí ó fajú ro; ẹni tí ń gbọ́ náà sì ní láti ní ààyè láti dá a lóhùn pé kò rí bẹ́ẹ̀. Orí òwe yìí ni ìtàn eré ìdánilárayá ní ilẹ̀ Ọ̀yọ́ dúró lé. Fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún, agbo kan náà ni òṣèré àti òǹwòran máa ń pàdé sí. Lẹ́yìn náà ni rédíò, àwo orin, tẹlifíṣọ̀n, sinimá àti fídíò dé. Eré bọ́ sínú àpótí, òṣèré kò sì rí ojú ẹni tí ń wò ó mọ́. Ohun tí àyípadà yìí ti ṣe sí ìtàn tí àwọn ará Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́, àti gbogbo ọmọ Yorùbá, mọ̀ nípa ara wọn ni ó yẹ kí olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ yẹ̀ wò fínnífínní.

Ọba tí ó mú iwin

Àlùfáà Samuel Johnson, ẹni tí ó ṣiṣẹ́ ìjọ ní ìlú Ọ̀yọ́ títí ó fi kú ní ọdún 1901, parí ìwé ńlá rẹ̀ lórí ìtàn àwọn Yorùbá ní ọdún 1897. Ọdún 1921 ni ìwé náà tó jáde. Ọ̀pọ̀ ohun tí ó kọ ni ó gbọ́ lẹ́nu àwọn arọ́kìn, àwọn tí iṣẹ́ wọn láàfin jẹ́ láti máa ka ìtàn àwọn ọba. Nínú ìwé náà ni ó ti sọ pé lẹ́yìn tí àwọn Tápà ti lé àwọn ará Ọ̀yọ́ kúrò ní Ọ̀yọ́-Ilé, Ìgbòho ni àwọn Aláàfin fi ṣe ibùjókòó fún ìgbà pípẹ́. Nígbà tí ó kan Aláàfin Abípa, ó pinnu pé kí gbogbo ènìyàn padà sí ìlú àwọn baba wọn.

Ìpinnu yìí kò dùn mọ́ àwọn ìjòyè nínú, nítorí pé ẹsẹ̀ wọn ti múlẹ̀ ní Ìgbòho. Wọn kò dojú kọ ọba. Ọgbọ́n ni wọ́n dá. Nígbà tí ọba rán àwọn ìránṣẹ́ lọ wo Ọ̀yọ́-Ilé, àwọn ìjòyè ti yára rán abuké, àfín, adẹ́tẹ̀, aràrá àti àwọn mìíràn tí ìrísí wọn ṣàjèjì lọ síbẹ̀ ṣáájú. Ní òru, àwọn wọ̀nyí gbé iná sókè lórí òkè, wọ́n ń ké pé kò sí ààyè fún ènìyàn níbẹ̀ mọ́. Àwọn ìránṣẹ́ sá padà, wọ́n ní iwin ti gba ìlú. Ọba kò gbà bẹ́ẹ̀. Ó rán àwọn ọdẹ tí ó láyà, wọ́n sì mú àwọn 'iwin' náà wá sí ààfin ní ìkọ̀kọ̀. Ní ọjọ́ Jàkúta, tí àwọn ìjòyè wá kí ọba gẹ́gẹ́ bí ìṣe wọn, ọba ní kí wọ́n gbé ọtí fún wọn. Iwin tí ìjòyè kọ̀ọ̀kan rán jáde gan-an ni ó gbé ọtí wá fún un. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń pe Abípa ní Ọba Mọ́rọ̀, èyí ni ọba tí ó mú ọ̀rọ̀, nítorí pé ọ̀rọ̀ ni orúkọ mìíràn tí Yorùbá ń pe iwin.

Bí ẹni tí ó mọ̀ nípa eré bá wo ìtàn yìí dáadáa, yóò rí i pé eré méjì ni ó wà nínú rẹ̀. Èkíní ni eré òru tí àwọn ìjòyè gbé kalẹ̀. Àwọn òǹwòran rẹ̀ wà lókèèrè, wọn kò lè súnmọ́ òṣèré, wọn kò lè bi í ní ohunkóhun. Nítorí náà ni wọ́n ṣe gbà á gbọ́. Èkejì ni eré ọ̀sán tí ọba fi dáhùn. Ojúkojú ni ó ti wáyé, òtítọ́ sì hàn kedere. Láti ìgbà náà ni ó ti hàn pé ìran wíwò lè mú kí ìlú dúró tàbí kí ìlú ṣí, àti pé ẹni tí kò bá ní ààyè láti súnmọ́ ohun tí ó ń wò kò ní pẹ́ gba irọ́ gbọ́.

Òyìnbó nínú agbo

Ọ̀jọ̀gbọ́n Joel Adédèjì ti Yunifásítì Ìbàdàn fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe ìwádìí lórí eégún aláré, àwọn tí a tún ń pè ní apidán tàbí alárìnjó. Ìwádìí rẹ̀ so ìbẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí mọ́ ààfin Ọ̀yọ́ àti ìdílé Ológbojò. Títí di òní, orúkọ Ológbìn kì í wọ́n lẹ́nu àwọn tí ń pe ẹ̀sà. Láti ààfin ni àwọn òṣèré yìí ti bẹ̀rẹ̀ sí í rìn káàkiri ìlú, tí wọ́n ń jó, tí wọ́n ń tàkìtì, tí wọ́n sì ń fi aṣọ àti agọ̀ yí ara padà di ẹranko, di àlejò, di ọ̀lẹ, di ọ̀mùtí.

Ẹ̀rí àkọsílẹ̀ tí ó lókìkí jù lọ nípa eré yìí wá láti ọwọ́ àjèjì. Hugh Clapperton, ará Skọ́tílándì, àti ìránṣẹ́ rẹ̀ Richard Lander dé Ọ̀yọ́-Ilé ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1826. Katunga ni wọ́n ń pe ìlú náà. Aláàfin pè wọ́n wá wo eré ní ọgbà iwájú ààfin. Ìpín mẹ́ta ni eré náà ní. Ní ìpín kìíní, àwọn òṣèré wọ inú àpò, wọ́n jó, wọ́n sì tàkìtì. Ní ìpín kejì, wọ́n fi bí a ti ń mú òjòlá hàn. Ní ìpín kẹta, ọ̀kan nínú wọn bọ́ ohun tí ó bò ó lára sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀, òyìnbó kan sì yọ síta: ó funfun, ó tínrín, òtútù ń mú un, ó ń fín áṣáà, ó sì ń rìn gẹ́gẹ́ bí ẹni tí àtẹ́lẹsẹ̀ ń dùn. Láàrin ìpín kan sí èkejì, àwọn obìnrin ààfin ń kọrin, àwọn èrò sì ń gbè é. Nígbà tí òyìnbó inú agbo jáde, ojú àwọn èrò kò kúrò lára àwọn òyìnbó tí ó jókòó, nítorí wọ́n fẹ́ mọ bí yóò ti rí lára wọn. Clapperton kú ní Sókótó ní ọdún 1827, ṣùgbọ́n ìwé ìrìn-àjò rẹ̀ jáde ní ọdún 1829, ó sì gbà nínú rẹ̀ pé òṣèré náà mọ iṣẹ́ rẹ̀.

Àjèjì tí wọ́n ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ wà níbẹ̀, ó lè bínú, ó lè rẹ́rìn-ín, ó sì lè dìde lọ. Àwọn ará ìlú ń fi orin ti òṣèré lẹ́yìn. Bí eré náà bá kọjá ààlà, ọba tí ó jókòó lè dá a dúró. Kò sí ẹni tí kò ní ohùn nínú agbo náà.

Ìtúká Ọ̀yọ́-Ilé àti dídé ìwé

Nígbà tí Clapperton ń wo eré yìí, ilé ti ń jó lórí àwọn ará Ọ̀yọ́. Ìlọrin ti ya kúrò lábẹ́ Aláàfin. Kí ọdún 1840 tó dé, Ọ̀yọ́-Ilé ti dahoro, Aláàfin Àtìbà sì ti fìdí Ọ̀yọ́ tuntun múlẹ̀ ní Àgọ́-Ọ̀jà, ibi tí Ọ̀yọ́ wà títí di òní. Ògbómọ̀ṣọ́ wà lára àwọn ìlú tí ogun kò kó, ọ̀pọ̀ ènìyàn láti àwọn ìlú tí ó tú sì sá wá síbẹ̀. Ìlú yìí pàápàá mọ iyì ìtàn, nítorí pé ìtàn ni orúkọ rẹ̀. Ọdẹ kan tí ń jẹ́ Ògúnlọlá ni wọ́n sọ pé ó pa Ẹlẹ́mọ̀ṣọ́, ọ̀tá tí ó ń yọ Aláàfin lẹ́nu, tí ó sì gbé orí rẹ̀ lọ sí Ọ̀yọ́. Àwọn tí ogun tú ká kó ẹ̀sà, ìjálá àti eégún wọn dání, eré tí ó ti wà lábẹ́ ọba sì di ti gbogbo ìlú.

Àárín àwọn ènìyàn wọ̀nyí ni ìwé àti ìgbàgbọ́ tuntun bá wọn. Míṣọ́nnárì Bowen ti ìjọ Onítẹ̀bọmi dé Ògbómọ̀ṣọ́ ní ọdún 1855. Kọ́lẹ́ẹ̀jì Saint Andrew bẹ̀rẹ̀ ní Ọ̀yọ́ ní ọdún 1896. Ilé ẹ̀kọ́ àwọn àlùfáà Onítẹ̀bọmi bẹ̀rẹ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́ ní ọdún 1898. Láti ibẹ̀ ni àwọn olùkọ́ ti ń jáde lọ sí gbogbo ilẹ̀ Yorùbá. Àwọn ìjọ kò fẹ́ kí ọmọ wọn wo eégún. Nítorí náà, ẹni tí ó kàwé ń gbọ́ ìtàn ọba láti inú ìwé, ẹni tí kò kàwé sì ń gbọ́ ọ láti inú agbo. Ọ̀nà méjì ni ìtàn kan ṣoṣo ń gbà. Ó pẹ́ kí ọ̀nà méjèèjì tó tún pàdé. Nínú ìjọ gan-an ni wọ́n sì ti pàdé, nítorí pé láti inú orin àti eré ìjọ ni Hubert Ògúndé ti gbé eré rẹ̀ jáde ní Èkó ní ọdún 1944, tí ó sì di òṣèré tí ń rìn láti ìlú dé ìlú bí àwọn alárìnjó àtijọ́.

Ọba mẹ́ta lórí ìtàgé

Ní ọdún 1962, Dúró Ládípọ̀ àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ dá Mbárí Mbáyọ̀ sílẹ̀ ní Òṣogbo. Eré àkọ́kọ́ tí ó gbé síbẹ̀ ni Ọba Mọ́rọ̀, ìtàn Aláàfin tí ó mú iwin. Lérè Paimo, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tí ó ti wà lẹ́gbẹ́ Oyin Adéjọbí tẹ́lẹ̀, ni ó ṣe Baṣọ̀run nínú eré náà. Báyìí ni ìtàn tí àwọn arọ́kìn sọ fún Johnson, tí Johnson kọ sínú ìwé, ṣe tún padà sí ẹnu òṣèré àti sí ojú òǹwòran. Ní ọdún 1963 ni Ọba Kò So jáde, ìtàn Ṣàngó. Ní ọdún 1964, Ọba Wàjà. Ọba Kò So dé Jámánì ní ọdún 1964, ó sì dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1965. Kò pẹ́ tí ojú Ládípọ̀ fi di ojú Ṣàngó fún ọ̀pọ̀ ènìyàn.

Ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ ìtàn mọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ níhìn-ín. Nínú ìwé Johnson, oògùn tí ń pe àrá ni Ṣàngó ń dán wò, àrá náà sì jó ààfin rẹ̀; ìbànújẹ́ èyí ni ó mú un fi ìlú sílẹ̀. Ìjà Tìmì àti Gbọ̀nkáà kò sí níbẹ̀. Ìgbà Aláàfin Kórì, tí ó jẹ lẹ́yìn Ṣàngó, ni Johnson fi ìjà àwọn akọni méjèèjì sí. Ṣùgbọ́n nínú eré Ládípọ̀, ìjà Tìmì àti Gbọ̀nkáà ni ó bi ìṣubú Ṣàngó. Òṣèré ní ẹ̀tọ́ sí èyí: ó ń wá eré tí yóò mú èrò lọ́kàn, ọba tí ó dá ìjà sílẹ̀ láàrin akọni méjì tí ìjà náà sì padà wá bá a jẹ́ ìtàn tí ó kún. Síbẹ̀, lónìí, bí a bá bèèrè lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn nípa ohun tí ó lé Ṣàngó kúrò lórí oyè, Tìmì àti Gbọ̀nkáà ni wọn yóò kọ́kọ́ dárúkọ. Ìtàgé ti borí ìwé.

Apótí tí ń sọ̀rọ̀ tí kì í gbèsì

Kí ìtàgé Ládípọ̀ tó dé ni ohun mìíràn ti wọ ilé. Ní ọdún 1939, ìjọba gbé ẹ̀rọ tí ń fi wáyà pín ohùn rédíò sí ilé wá sí Ìbàdàn. Àwọn ará ìlú wo àpótí tí ó wà lára ògiri, wọ́n gbọ́ bí ó ti ń sọ̀rọ̀ láti òwúrọ̀ dé alẹ́, wọ́n sì sọ ọ́ ní Asọ̀rọ̀mágbèsì. Orúkọ yìí dùn mọ́ni, ṣùgbọ́n ẹ̀hónú wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú. Àwọn tí wọ́n ti mọ́ agbo lára ni ó rí i lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ pé ohun kan sọnù: àpótí yìí kò gba èsì.

Àìgbèsì yìí kan àwọn olóṣèlú pẹ̀lú. Ní ọdún 1953, nígbà tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ Action Group jáde kúrò ní ilé ìgbìmọ̀ ní Èkó lórí ọ̀rọ̀ òmìnira, Gómìnà Macpherson lo rédíò láti bá wọn wí. Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ bèèrè pé kí wọ́n jẹ́ kí òun náà fèsì lórí rédíò kan náà, wọ́n sì kọ̀. Nígbà tí òfin ọdún 1954 gba àwọn ìjọba ìpínlẹ̀ láàyè láti ní ilé iṣẹ́ tiwọn, Ìwọ̀-Oòrùn kò jáfara. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959, tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn. Ẹni tí wọn kò jẹ́ kí ó dáhùn ni ó lọ kọ́ ilé ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ṣùgbọ́n ilé ọ̀rọ̀ tuntun yìí pàápàá, asọ̀rọ̀mágbèsì ni fún ẹni tí ó jókòó sínú ilé ní Ọ̀yọ́ tàbí ní Ògbómọ̀ṣọ́.

Kò sí iyè méjì pé oore ńlá ni tẹlifíṣọ̀n àti rédíò ṣe. Adébáyọ̀ Fálétí, ọmọ ilẹ̀ Ọ̀yọ́, wà lára àwọn tí ó ṣiṣẹ́ ní WNTV, ó sì kọ Baṣọ̀run Gáà, eré lórí ìjòyè tí ó mú Ọ̀yọ́ sin títí Aláàfin Abíọ́dún fi ṣẹ́gun rẹ̀ ní ọdún 1774. Moses Ọláìyá, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Bàbá Sàlá, àti Oyin Adéjọbí pẹ̀lú Kóòtù Aṣípa rẹ̀, di ẹni tí ń wọ ilé ènìyàn láì kan ilẹ̀kùn. Ẹni tí kò lè rí owó wọ gbọ̀ngàn eré rí wọn ní ilé aládùúgbò. Èdè Yorùbá rí ibi jókòó sí níwájú Gẹ̀ẹ́sì. Ohun tí ó sọnù ni ó ṣòro láti rí, nítorí pé kò pariwo nígbà tí ó ń lọ.

Ìjálá fi èyí hàn ju ohun gbogbo lọ. Nínú ìwé tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Adébóyè Babalọlá tẹ̀ jáde ní ọdún 1966 lórí ìjálá, ó ṣàlàyé pé bí ọdẹ kan bá ń sun ìjálá lágbo, àwọn asunjálá yòókù a máa tẹ́tí sí i. Bí ó bá ṣi oríkì pè, tàbí tí ó sọ ohun tí kò rí bẹ́ẹ̀, ọ̀kan nínú wọn lè gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀, kí ó sì tọ́ ọ sọ́nà ní gbangba. Ògúndáre Fọ́yánmu, asunjálá ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, ni ọ̀kan nínú àwọn tí ó gbé ìjálá wọ inú àwo. Àwo náà mú ohùn rẹ̀ dé ibi tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò dé, ó sì pa á mọ́ fún àwọn tí a kò tí ì bí. Ṣùgbọ́n kò sí ọdẹ tí ó lè gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwo. Ohun tí ó bá wà níbẹ̀, bí ó bá tọ́, ó tọ́. Bí kò bá tọ́, bẹ́ẹ̀ ni yóò máa yí títí láé.

Olókùn-Ẹṣin: ikú kan, ìtàn mẹ́rin

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1944, Aláàfin Síyanbọ́lá Ládìgbòlù Kìíní, tí ó ti wà lórí oyè láti ọdún 1911, wàjà. Gẹ́gẹ́ bí àṣà, Olókùn-Ẹṣin wà lára àwọn tí ó yẹ kí ó bá ọba lọ. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1945, ó wọ aṣọ funfun, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í jó káàkiri ìlú láti fi dágbére. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó rán ènìyàn lọ mú un, kí ó má baà kú. Nígbà tí ọmọ rẹ̀ gbọ́, ọmọ náà kú dípò baba. Èyí ni ohun tí ó ṣẹlẹ̀. Ìdílé kan ní Ọ̀yọ́ ni ọ̀ràn náà dé bá.

Ọdún mọ́kàndínlógún lẹ́yìn náà, Dúró Ládípọ̀ gbé e sórí ìtàgé nínú Ọba Wàjà. Nínú eré yìí, ọmọ náà ti di oníṣòwò ní Gáná, láti ibẹ̀ ni ó ti padà wálé. Ní ọdún 1975, Wọlé Ṣóyínká tẹ eré tirẹ̀ jáde ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, Death and the King's Horseman. Nínú eyí, ọmọ náà ń kọ́ iṣẹ́ dókítà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú rẹ̀, Ṣóyínká fi ìṣẹ̀lẹ̀ náà sí ọdún 1946, ó sì ní òun dá a padà sẹ́yìn kí ó lè bọ́ sí àkókò ogun. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ogun àgbáyé ṣì ń jà nígbà tí ọ̀ràn náà ṣẹlẹ̀ ní tòótọ́. Ní ọdún 2022, ọdún tí Aláàfin Làmídì Adéyẹmí Kẹta wàjà ní oṣù Kẹrin, sinimá tí Bíyi Bándélé fi eré Ṣóyínká ṣe jáde lẹ́yìn tí Bándélé fúnra rẹ̀ ti kú, ilé iṣẹ́ Netflix sì gbé e lọ sí gbogbo àgbáyé. Ní ọdún kan náà ni Aníkúlápó ti Kúnlé Afọláyan fi Ọ̀yọ́ àtijọ́ hàn lórí Netflix bákan náà. Ìtàn àròsọ ni Aníkúlápó, ṣùgbọ́n aṣọ rẹ̀, ààfin rẹ̀ àti orúkọ ìlú rẹ̀ lè mú kí ẹni tí kò mọ̀ rò pé ìtàn gidi ni òun ń wò.

Bí ọmọ náà ti ń kúrò lọ́mọ ilé, tí ó di oníṣòwò, tí ó sì di akẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn, bẹ́ẹ̀ ni ìtumọ̀ ikú rẹ̀ ń yí padà. Ikú ọmọ ilé tí kò rìnnà jẹ́ ọ̀ràn ìdílé àti ti ìlú. Ikú ẹni tí ó ti mu omi òkè òkun, tí ó sì padà wá kú nítorí àṣà, jẹ́ èsì sí òyìnbó. Àwọn òǹkọ̀wé méjèèjì mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Ṣóyínká tilẹ̀ kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe ka eré òun sí ìjà àṣà méjì lásán. Síbẹ̀, ìjà dúdú àti funfun ni ọ̀pọ̀ òǹwòran ń rí níbẹ̀, wọ́n sì ń gbà pé láti ayébáyé ni àṣà bíbá ọba kú ti dúró gbọnyin láì yí padà, títí òyìnbó fi dé.

Ìtàn Ọ̀yọ́ kò sọ bẹ́ẹ̀. Ó ti pẹ́ tí ó ti jẹ́ àṣà pé kí Àrẹ̀mọ bá Aláàfin baba rẹ̀ kú. Aláàfin Àtìbà ni ó pa àṣà náà tì, kí Adélù ọmọ rẹ̀ lè jọba lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà tí Àtìbà wàjà ní ọdún 1859, Kúrunmí ti Ìjàyè kọ̀ láti tẹrí ba fún Adélù, ó ní ọba tí wọ́n jẹ láìtẹ̀lé àṣà ni. Ogun Ìjàyè bẹ́ sílẹ̀ ní ọdún 1860, wọ́n sì fọ́ Ìjàyè ní ọdún 1862. Ọlá Rótìmí fi ọ̀ràn yìí kọ eré Kurunmi. Àwọn ará Ọ̀yọ́ fúnra wọn ti bá ara wọn jiyàn lórí ẹni tí ó yẹ kí ó bá ọba kú, wọ́n ti yí àṣà padà, wọ́n sì ti ta ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀ lórí rẹ̀, ní nǹkan bí ọgọ́rin ọdún ó lé ṣáájú kí ajẹ́lẹ̀ tó rán ènìyàn lọ mú Olókùn-Ẹṣin. Ẹni tí ó bá wo sinimá nìkan kò ní mọ èyí. Yóò rò pé àwọn baba òun kì í ronú lórí àṣà wọn, pé ṣe ni wọ́n kàn ń tẹ̀lé e. Àbùkù ni èyí jẹ́ fún àwọn baba náà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìyìn ni ó dà bí.

Iṣẹ́ olùkọ́

Kò tọ̀nà láti torí èyí bínú sí òṣèré. Láti ìgbà Ológbìn ni iṣẹ́ wọn ti jẹ́ láti yí ara àti ìtàn padà. Bí Ládípọ̀ kò bá gbé Ṣàngó wá sórí ìtàgé, ọ̀pọ̀ ọmọ tí wọ́n tọ́ nínú ilé ìjọ àti ilé ìwé kì bá tí mọ̀ pé Ṣàngó ní ìtàn kankan. Bẹ́ẹ̀ ni kò tọ̀nà láti sọ pé ìwé Johnson nìkan ni òtítọ́. Johnson náà yan ohun tí yóò kọ nínú ohun tí ó gbọ́. Àwọn arọ́kìn tí wọ́n sọ fún un sì jẹ́ ènìyàn ọba, ibi tí ọba wà ni wọ́n ti ń wo ayé. Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ ni pé agbo àtijọ́ ní ohun èlò tí ó fi ń tún irọ́ ṣe, èyí sì ni òǹwòran tí ó ní ohùn. Fídíò àti ẹ̀rọ alágbèéká òde òní ti ń jẹ́ kí òǹwòran kọ èrò rẹ̀ sílẹ̀, ṣùgbọ́n ariwo ọ̀pọ̀ ènìyàn tí kò mọ ìtàn kò lè rọ́pò ohùn ọdẹ kan tí ó mọ oríkì náà dájú.

Nítorí náà, ilé ẹ̀kọ́ ni ó yẹ kí ó di agbo. Olùkọ́ ní Ọ̀yọ́ tàbí ní Ògbómọ̀ṣọ́ kò nílò láti lé tẹlifíṣọ̀n jáde. Kí ó jẹ́ kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wo sinimá náà, kí wọ́n sì gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé. Kí ó bi wọ́n pé: kí ni òṣèré fi kún un, kí ni ó yọ kúrò, àti ta ni àyípadà náà ṣe lóore? Lẹ́yìn èyí, kí ó rán wọn sí ẹnu àgbà. Àwọn ìdílé tí ọ̀rọ̀ wọ̀nyí ṣẹlẹ̀ sí, àwọn ìdílé arọ́kìn, àwọn ìdílé ọdẹ tí ń sun ìjálá, kò jìnnà sí ẹnu ọ̀nà ilé ẹ̀kọ́ wọ̀nyí. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá fi ohun tí ó rí nínú àpótí lọ ẹni tí ó mọ̀ ọ́n, tí ẹni náà sì dá a lóhùn pé kò rí bẹ́ẹ̀, ti gba ohun tí rédíò àti tẹlifíṣọ̀n gbà lọ́wọ́ àwọn baba rẹ̀ padà.

Àkókò kò sì pọ̀. Lọ́dọọdún ni àwọn àgbà tí ó lè dáhùn ń dín kù, lọ́dọọdún sì ni àwòrán tí ó wà nínú àpótí ń pọ̀ sí i, tí ó sì ń dán sí i. Àwọn ìránṣẹ́ Aláàfin Abípa rí iná lórí òkè ní òru, wọ́n sì fẹ́rẹ̀ẹ́ mú kí odidi ìlú gbàgbé ilé. Àwọn ọdẹ tí wọ́n gun òkè náà lọ wò ó ni ó gba ìlú là.